June 12: ìbọn ló pa á ni, àbí bébà?

Bàbá_Mùṣin kọ:

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará. Láti ìgbà ìwọ́de oṣù Kẹjọ 2024, nígbà tí àwọn ọmọ kan gbé àsíá Rọ́ṣíà jáde ní Kánò àti Kàdúná, ni mo ti ń rí i pé àwọn ọ̀dọ́ kò fi ṣe bojúbojú mọ́: kí sójà padà wá ni wọ́n ń wí. N kò wá bá ẹnikẹ́ni jà. Ebi ń pa wọ́n, ó ń pa èmi náà. Ṣùgbọ́n ó jọ pé àwa tí ọ̀rọ̀ ṣojú wa ni kò ròyìn rẹ̀ dáadáa fún wọn.

A máa ń sọ pé "sójà fagi lé June 12", ìyẹn ìdìbò ààrẹ ọdún 1993, a ó sì dákẹ́ síbẹ̀. Ẹ jẹ́ ká tú u wò. Ní alẹ́ ọjọ́ kẹwàá oṣù Kẹfà 1993, ó ku ọ̀tunla ká dìbò, ilé ẹjọ́ gíga kan jókòó lóru l'Ábújá. Adájọ́ Bassey Ikpeme pàṣẹ pé ìdìbò kò gbọdọ̀ wáyé. Àwọn tó lọ gba àṣẹ yẹn, Association for Better Nigeria ti Arthur Nzeribe, alágbádá pọ́ńbélé ni wọ́n. Ọ̀jọ̀gbọ́n Humphrey Nwosu tó jẹ́ alága àjọ elétò ìdìbò kò dá wọn lóhùn, a sì dìbò. Ní Mùṣin níbi tí mo wà, wọ́n yẹ káàdì wa wò láàárọ̀, a wá tò. Oníkálùkù wọ ibi ìkọ̀kọ̀ lọ tẹ̀ka, ó jáde wá sọ ìwé rẹ̀ sínú àpótí níṣojú gbogbo ayé. Wọ́n kà á níbẹ̀, wọ́n pè é níbẹ̀, a fi etí ara wa gbọ́.

Nínú àwọn méjì tó díje, Abiola ní ìbò 8,341,309, Tofa ní 5,952,087. Kánò tó jẹ́ ìlú Tofa gan-an, Abiola ló gbé e. Àjọ elétò ìdìbò ti lẹ èsì ìpínlẹ̀ 14 síta kí àṣẹ ilé ẹjọ́ mìíràn tó dé pé kí wọ́n dáwọ́ dúró. Ọjọ́ 23 oṣù yẹn ni ìkéde ìfagilé jáde. Bébà lásán ni. Kò ní orí ìwé ìjọba, kò ní déètì, kò sí ẹni tó fọwọ́ sí i. Nduka Irabor, akọ̀wé ìròyìn fún igbákejì Ọ̀gágun Babangida tó ń ṣèjọba nígbà náà, ló gbé e fún àwọn oníròyìn. Irabor yìí kan náà ni ìjọba sójà sọ sẹ́wọ̀n ní 1984 lábẹ́ Díkírì 4, torí ìròyìn tó kọ nípa àwọn aṣojú tí ìjọba fẹ́ rán lọ sókè òkun. Ẹ ò rí ayé?

Ìbéèrè mi rèé: nínú gbogbo èyí, níbo ni ìbọn ti ṣiṣẹ́?

Ọmọ_Ìgbàlódé kọ:

Ẹ káàárọ̀ o, Bàbá. Ìbọn ṣiṣẹ́ ní oṣù Keje ọdún yẹn, ẹ̀yin fúnra yín ti sọ ọ́ níbí rí. Àti pé tí kò bá sí ìbọn lẹ́yìn bébà yẹn, ta ni ì bá kà á sí? Bébà tí kò ní ìfọwọ́sí! Tí èmi bá kọ irú ẹ̀, wọ́n á ní orí mi ti dàrú.

Mi ò sọ pé ẹni ire ni sójà. Ohun tí mò ń sọ ni pé láti 1999 tí ẹ ti ń dìbò, kí lẹ rí? Ẹ wo Traoré ní Bùrùkínà Fasò. Ọmọ ọdún 34 ni nígbà tó gbàjọba ní 2022. Ó lé sójà Faransé kúrò nílẹ̀ wọn. Èwo nínú àwọn tiwa ló lè dán an wò? Ẹ má bínú sí mi o.

Agbẹjọ́rò_Ìwó kọ:

@Ọmọ_Ìgbàlódé, Traoré yẹn náà ni mo fẹ́ bá ẹ sọ. Ní oṣù Kẹta 2025, àwọn olórí ẹgbẹ́ oníròyìn ilẹ̀ wọn sọ ọ́ ní gbangba pé ìjọba ń fún àwọn lọ́rùn. Wọ́n wá kó wọn. Nígbà tí àwọn èèyàn máa fi rí wọn nínú fídíò, aṣọ sójà ló wà lọ́rùn wọn: wọ́n ti kó wọn lọ sí ojú ogun tipátipá. Ní Màlì, oṣù Karùn-ún 2025, gbogbo ẹgbẹ́ òṣèlú ni wọ́n tú ká pátá. Ní Nìjẹ̀, Tchiani búra wọlé fún ọdún márùn-ún ní oṣù Kẹta ọdún kan náà, ẹnikẹ́ni kò dìbò fún un. Ohun tí o kọ sókè yìí, "kí lẹ rí?", gbìyànjú kí o kọ ọ́ nípa Traoré láti Wagadúgù.

Bàbá, ẹ jẹ́ kí n fi nǹkan kan kún tiyín. Díkírì 13 tí ìjọba Babangida fọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ti sọ tẹ́lẹ̀ pé ilé ẹjọ́ kankan kò lágbára láti dá ìdìbò yẹn dúró. Òun ni Nwosu rọ̀ mọ́. Ìyẹn ni pé òfin wà, ó sì yanjú. Adájọ́ tó jókòó lóru yẹn mọ̀ ọ́n. Ìdí nìyí tí mo fi fara mọ́ yín pé ọwọ́ alágbádá ló kọ́kọ́ kan ọ̀rọ̀ yìí.

Ṣùgbọ́n ilé ẹjọ́ náà ló tún fún wa ní ìdájọ́ tó dáa jù lọ́dún yẹn. Lọ́jọ́ kẹwàá oṣù Kọkànlá 1993, Adájọ́ Dolapo Akinsanya ní Èkó dá a pé ìjọba fìdíhẹ Shonekan kò bófin mu, torí pé nígbà tí Babangida fọwọ́ sí díkírì tó gbé e kalẹ̀, ó ti sọ agbára rẹ̀ nù tán. Òfin dúró sangbọndan. Kí ló tẹ̀lé e? Ọjọ́ keje péré, Ọ̀gágun Abacha gbàjọba. Èyí ni ibi tí ọ̀rọ̀ ti ń dùn mí: ìdájọ́ tó tọ́ ṣí ilẹ̀kùn, kò sì sí ẹnikẹ́ni nínú àwọn olóṣèlú tó ti múra láti gba ẹnu ọ̀nà náà wọlé ṣáájú sójà.

Alápárá_Ẹ̀pẹ́ kọ:

Wọn ò múra ni àbí wọ́n múra fún nǹkan mìíràn? Ta ni igbákejì tí Abiola bá díje? Babagana Kingibe. Ta ni mínísítà ọ̀rọ̀ òkèèrè tí Abacha kọ́kọ́ yàn? Babagana Kingibe. Mínísítà iṣẹ́ òde ńkọ́? Lateef Jakande, Bàbá Kékeré tiwa-n-tiwa. Ètò ìrìnnà? Ebenezer Babatope. Ètò ìdájọ́? Olu Onagoruwa, tó ti fi gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ bá sójà pẹjọ́. Ẹ ní bébà ló pa June 12. Èmi ní ìwé ìyannisípò ni.

ÌyáÀdúkẹ́ kọ:

Alápárá, rọra. Jakande yẹn kọ́ ilé tí àwọn mẹ̀kúnnù ṣì ń gbé títí dòní. Ohun tí wọ́n sọ kiri nígbà náà ni pé Abacha kò ní pẹ́, pé yóò kó ìjọba lé Abiola lọ́wọ́, kí àwọn èèyàn wa wọlé kí wọ́n lè máa ṣọ́ ọ. Ọ̀pọ̀ wa la gbà á gbọ́. Onagoruwa sì rèé, nígbà tí wọ́n ṣe àwọn díkírì burúkú ní 1994, ó sọ pé òun kò mọ̀ nípa rẹ̀, wọ́n yọ ọ́ dànù.

Alápárá_Ẹ̀pẹ́ kọ:

Wọ́n yọ ọ́, Mà. Àwọn tó kù ńkọ́?

Bàbá_Mùṣin kọ:

Ẹ̀yin méjèèjì ti sọ̀rọ̀. Ibi tí mo ti ń ṣiyèméjì ni pé wọ́n ní àwọn ń lọ ṣọ́ ọ. Ẹni tó bá wọ ọkọ̀ ẹlòmíràn kì í yan ojú ọ̀nà.

@Ọmọ_Ìgbàlódé, mo gbọ́ tìrẹ. Ìbọn ṣiṣẹ́. Ọjọ́ karùn-ún oṣù Keje 1993 ni Campaign for Democracy ti Dókítà Beko Ransome-Kuti ní ká jáde. A gba ọ̀nà Ìkòròdú, ńṣe ni èrò ń ya lu ara wọn láti àdúgbò kan sí èkejì. Aṣọ tí a rẹ sómi la so mọ́ imú nítorí tajútajú. Lọ́jọ́ yẹn, ọlọ́pàá kò fi bẹ́ẹ̀ yọ wá lẹ́nu, àwọn kan nínú wọn ń juwọ́ sí wa pàápàá. Lọ́jọ́ kejì ni sójà dé, ìyẹn kò juwọ́ sí ẹnikẹ́ni. Àwọn tó kú l'Ékòó ju ọgọ́rùn-ún lọ. Ṣùgbọ́n wo déètì náà. Ìfagilé ti lé ní ọjọ́ mẹ́wàá kí sójà tó yìnbọn. Ìbọn wá ṣọ́ ohun tí bébà ti ṣe tán.

Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ọdún 32 kí Babangida tó fẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́, ní oṣù Kejì 2025, pé Abiola ló wọlé. Abiola ti kú láti ọjọ́ keje oṣù Keje 1998, nínú àtìmọ́lé. Wọ́n ti yìnbọn pa Kudirat ìyàwó rẹ̀ l'Ékòó láti oṣù Kẹfà 1996.

ÌyáÀdúkẹ́ kọ:

Ẹ jẹ́ kí n dá sí ọ̀rọ̀ "kí sójà padà wá" yìí, torí kì í ṣe òní ló bẹ̀rẹ̀. Ìyá mi wà n'Íbàdàn ní 1965. Ìdìbò ilẹ̀ Yorùbá lọ́jọ́ kọkànlá oṣù Kẹwàá ọdún yẹn, gbogbo ayé mọ̀ pé ẹgbẹ́ Dẹ́mọ ti Akintola jí i gbé ni. Ìgbà yẹn ni Wetie: wọ́n á da bẹntiróò lé ilé, wọ́n á da á lé mọ́tò, wọ́n á da á lé èèyàn, wọ́n á ṣáná sí i. Ìyá mi ní òórùn bẹntiróò kò kúrò nímú àwọn fún oṣù mélòó kan. Nígbà tí sójà wá gbàjọba lọ́jọ́ 15 oṣù Kìíní 1966, tí wọ́n pa Akintola, ìyá mi wà lára àwọn tó jó nígboro. Ó máa ń sọ ọ́ láìtijú: "A jó o, a tún pòwe." Nígbà tó fi máa di oṣù Keje 1967, ogun abẹ́lé ti bẹ̀rẹ̀, àbúrò rẹ̀ ọkùnrin wọṣẹ́ sójà, kò padà wálé.

Ọmọ mi, mi ò bínú sí ẹ. Àwọn tó jó ní 1966 náà kì í ṣe òmùgọ̀. Wọ́n ti rí ohun tí alágbádá fi ojú wọn rí. Ọ̀rọ̀ mi kò ju pé ẹni tí o ń ké sí pé kó wá lé olè, kò ní bi ẹ́ pé ìgbà wo ni kí òun máa lọ.

Bébà tí Bàbá ń sọ ńkọ́? A tún rí i ní 1998. Ẹgbẹ́ òṣèlú márùn-ún ni ìjọba gbà láyè, àwọn márààrún sì ní Abacha nìkan ni àwọn fẹ́ fi ṣe olùdíje. Márààrún! Bọ́lá Ìgè pè wọ́n ní ìka márùn-ún ọwọ́ adẹ́tẹ̀. Nígbà tí Ìbàdàn wá jáde lọ́jọ́ kìíní oṣù Karùn-ún láti sọ pé rárá, wọ́n yìnbọn, wọ́n kó Ìgè àti Lam Adesina, gómìnà sójà ìpínlẹ̀ wa ní ẹlẹ́wọ̀n ogun ni wọ́n. Ogun wo? Àwọn olùkọ́ àti àwọn ìyá ọlọ́jà ni mo rí lójú títì.

Àjàlá_Séúlù kọ:

Ẹ kú àárọ̀ láti ọ̀nà jíjìn. Mo kàn fẹ́ sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ níbi tí mò ń gbé, torí ó bá ọ̀rọ̀ bébà yín mu. Lálẹ́ ọjọ́ kẹta oṣù Kejìlá 2024, Ààrẹ Yoon Suk Yeol bọ́ sórí tẹlifíṣọ̀n, ó ní òfin ológun ti bẹ̀rẹ̀, pé ìpàdé òṣèlú di èèwọ̀, iṣẹ́ ilé aṣòfin di èèwọ̀. Ẹni tí wọ́n dìbò yàn o, kì í ṣe sójà! Hẹlikọ́pítà kó àwọn ológun wá sí ilé aṣòfin. Àwọn òṣìṣẹ́ ilé náà to àga àti tábìlì dí ẹnu ọ̀nà, wọ́n ń fọ́n ẹ̀rọ panápaná lu sójà. Àwọn aṣòfin tí ọlọ́pàá kò jẹ́ kí wọ́n gba géètì wọlé, wọ́n gun fẹ́ǹsì. Nígbà tó máa fi di nǹkan bí aago kan òru, àwọn 190 ti wà nínú ilé, gbogbo wọn dìbò pé kí òfin náà dópin. Ilẹ̀ kò tíì mọ́ tí Yoon fi gbà. Oṣù Kẹrin 2025, ilé ẹjọ́ òfin ìpilẹ̀ṣẹ̀ yọ ọ́ nípò, adájọ́ mẹ́jọ sí òdo.

Àwọn àgbà ibí rántí Gwangju, 1980, nígbà tí sójà pa àwọn èèyàn wọn. Ìdí nìyẹn tí kò sí ẹni tó dúró kí ilẹ̀ mọ́ kó tó jáde. Àwọn èèyàn ti yí ilé aṣòfin ká lálẹ́ yẹn, nínú òtútù.

Alápárá_Ẹ̀pẹ́ kọ:

Ó dáa fún wọn. Aṣòfin tiwa ló máa gun fẹ́ǹsì? Ní 2018, jàǹdùkú wọ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin àgbà, wọ́n gbé ọ̀pá àṣẹ jáde lọ, àwọn sẹ́nétọ̀ jókòó tí wọ́n ń wò.

Agbẹjọ́rò_Ìwó kọ:

Wọ́n ti gun un rí o, Alápárá! Ọjọ́ 20 oṣù Kọkànlá 2014. Ọlọ́pàá ti géètì mọ́ Tambuwal tó jẹ́ olórí ilé aṣojú-ṣòfin, tajútajú ń fò, àwọn ọlọ́lá nínú agbádá ń gun irin géètì bí ọmọ iléèwé tó pẹ́. A fi wọ́n rẹ́rìn-ín fún ọ̀sẹ̀ kan. Nígbà tí mo rí fídíò ti Séúlù, mo ní áà, ẹ̀rín tí a rín yẹn kò tọ́.

Ọjọ́ 16 oṣù Karùn-ún 2006 náà wà níbẹ̀. Sáà kẹta tí wọ́n fẹ́ fún Obasanjo nípò ààrẹ. Bébà náà nìyẹn, àtúnṣe òfin ìpilẹ̀ṣẹ̀ ni wọ́n pè é. Tẹlifíṣọ̀n ń gbé àríyànjiyàn rẹ̀ sáfẹ́fẹ́, àwọn ará ìlú ń wo sẹ́nétọ̀ wọn, wọ́n ń pè é lórí fóònù. Ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin àgbà da àbá náà nù. Kò sí ìbọn, kò sí òkú. Bóyá torí pé kò sí òkú ni a kò ṣe ń sọ ọ́. Kò sí ẹni tó fi í ṣe ọjọ́ ìsinmi.

Ọmọ_Ìgbàlódé kọ:

Ó dáa. Mo ti ka gbogbo rẹ̀. ÌyáÀdúkẹ́, ẹ ṣeun, ọ̀rọ̀ yín wọ̀ mí lára. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin àgbà ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé àwa kò gbìyànjú. Mo wà lójú títì ní oṣù Kẹwàá 2020. A kò bèèrè sójà nígbà yẹn, ohun tí a bèèrè ni kí ọlọ́pàá SARS yéé pa wá. Lọ́jọ́ kọkànlá oṣù yẹn, wọ́n ní àwọn ti tú SARS ká. Lọ́jọ́ kẹtàlá, wọ́n ní SWAT, ẹ̀ka ọlọ́pàá mìíràn, ló rọ́pò rẹ̀. Ogúnjọ́ oṣù, sójà yìnbọn sí àwọn tó ń wọ́de ní Lẹ́kkí. Ní oṣù tó tẹ̀lé e, báǹkì àpapọ̀ lọ gba àṣẹ ilé ẹjọ́, wọ́n ti àkáǹtì 20 pa fún 90 ọjọ́, láìpe àwọn tó ni ín sí ẹjọ́. Ìgbìmọ̀ tí ìjọba Èkó fọwọ́ ara rẹ̀ gbé kalẹ̀ sọ ohun tí ojú rí ní Lẹ́kkí, ìjọba tún kọ ìwé mìíràn láti fi ta kò ó. Nítorí náà Bàbá, mo mọ bébà dáadáa. Ìjọba alágbádá ló kọ ọ́ sí mi. Kí ni kí n ṣe?

Bàbá_Mùṣin kọ:

Ìbéèrè gidi nìyí, mi ò ní fi òwe dáhùn ẹ.

Ní 1994, ohun tó sún mọ́ àtibì Abacha ṣubú ni ìyanṣẹ́lódì àwọn òṣìṣẹ́ epo. NUPENG ti Frank Kokori bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ kẹrin oṣù Keje, PENGASSAN dara pọ̀. Epo tán nílùú. Mo ń fi ẹsẹ̀ rìn láti Mùṣin dé Yábàá lójoojúmọ́, inú mi ń dùn ni. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ àpapọ̀ ní àwọn náà ń bọ̀, wọ́n bẹ̀rẹ̀, kò pẹ́ wọ́n dáwọ́ dúró. Ní oṣù Kẹjọ, Abacha tú ìgbìmọ̀ àwọn ẹgbẹ́ wọ̀nyí ká, ó fi èèyàn tirẹ̀ síbẹ̀. Wọ́n mú Kokori lọ́jọ́ ogún, ó di 1998 kó tó jáde. Nígbà tí oṣù Kẹsàn-án máa fi bẹ̀rẹ̀, epo ti ń ṣàn padà. Kì í ṣe pé a bẹ̀rù. Ẹni tó mọ ohun tó kàn láti ṣe ló wà látìmọ́lé, àwọn tó wà ní ìlà kejì kò mọ ibi tí kọ́kọ́rọ́ wà.

Ẹ̀yin ní 2020, ẹ ní ẹ kò ní olórí. Ọgbọ́n ńlá ni, torí kò sí ẹni tí wọ́n lè mú bíi Kokori. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tí wọ́n ní "a ti tú SARS ká", ta ni ó dúró ní orúkọ yín láti sọ pé ẹ mú ìwé rẹ̀ wá ká kà á, ta ló máa fọwọ́ sí i, ìgbà wo? Kò ju ọjọ́ méjì lọ tí wọ́n fi yí orúkọ padà. Àwa ní olórí, a kò ní ìlà kejì. Ẹ̀yin ní èrò, ẹ kò ní ẹni tó máa ka bébà. Ohun tí mo máa ṣe, tí mo bá jẹ́ ọmọ ọdún tìrẹ, ni kí n wá ẹni mẹ́ta sí ìdí iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan, tí èkejì mọ ohun tí èkíní mọ̀.

Alábòójútó:

Ẹ jọ̀ọ́, mo ti yọ èsì méjì tó dárúkọ aládùúgbò ẹni pé ó gbowó ìdìbò. Ẹ máa bá ọ̀rọ̀ lọ.

Ọmọ_Ìgbàlódé kọ:

Mi ò tíì gbà pé bébà nìkan ni o, Bàbá. Ṣùgbọ́n ìlà kejì yẹn, mo gbà. Agbẹjọ́rò, ìbéèrè kan: àṣẹ tí wọ́n gbà láìpe ẹnì kejì, bíi ti àkáǹtì yẹn, ṣé a lè gbọ́ nípa rẹ̀ kó tó jáde?

Agbẹjọ́rò_Ìwó kọ:

O kò lè gbọ́. Torí kí o má baà gbọ́ ni wọ́n ṣe ń gbà á bẹ́ẹ̀. Ohun tó wà ní ìkáwọ́ rẹ ni kí agbẹjọ́rò ti wà nílẹ̀ kí ìwọ́de tó bẹ̀rẹ̀. Kó ní orúkọ gbogbo yín, nọ́ńbà ẹbí yín, àti ìwé ẹ̀bẹ̀ tó ti kọ sílẹ̀, tó jẹ́ pé déètì ló kù. Àṣẹ jáde lónìí, kó wà ní ilé ẹjọ́ lọ́la. Àwọn àkáǹtì 2020 yẹn, oṣù Kejì 2021 ni wọ́n tó ṣí wọn. Tí agbẹjọ́rò ti ṣe tán láti ọjọ́ kìíní, mo lérò pé kò ní pẹ́ tó bẹ́ẹ̀.

Alápárá_Ẹ̀pẹ́ kọ:

Èló ni agbẹjọ́rò bẹ́ẹ̀ máa gbà?

Agbẹjọ́rò_Ìwó kọ:

Ọ̀fẹ́ ni fún Ọmọ_Ìgbàlódé. Ìwọ, ká kọ́kọ́ sọ̀rọ̀ ìdókòwò.